Ẹ Bi Àǹtí Tẹlifíṣọ̀n: Lánlọ́ọ̀dù, Mílíọ́níà Aláìlówó àti Ẹ̀rín Inú Ẹ̀rọ

Ẹ kú déédéé ìwòyí o, ẹ̀yin tèmi. Lóṣù tó kọjá a ní kẹ́ ẹ kọ̀wé sí wa nípa àwàdà orí tẹlifíṣọ̀n, pàápàá àwọn eré tó ń fi ìgbé ayé ìgboro ṣẹ̀fẹ̀, ti lánlọ́ọ̀dù àti tẹ́náǹtì, ti ọ̀gá ọ́fíìsì tí ò mọṣẹ́, ti baálé ilé tó kó ìyàwó jọ tí ò rówó oúnjẹ fún wọn, àfi bíi pé ẹ ti ń dúró dè wá tẹ́lẹ̀ ni, lẹ́tà ya wọlé. Mi ò lè dáhùn gbogbo ẹ̀ tán. Àwọn tó jọra mo ti sọ wọ́n di ọ̀kan, èyí tó jẹ́ èébú lásán mo ti tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́ (ẹ̀yin bàbá tẹ́ ẹ ní mò ń ba àwọn ọmọdé jẹ́, mo rí tiyín o, ẹ ṣeun).

Ìbéèrè: Àǹtí, ẹ kú iṣẹ́. Lánlọ́ọ̀dù lèmi, ilé mi ò tóbi, yàrá mẹ́jọ péré ni. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé kò séré àwàdà tí mo wò tí lánlọ́ọ̀dù kì í ṣe òǹrorò níbẹ̀. Ikùn gbàǹgbà, síńgílẹ́ẹ̀tì, á máa gbá ilẹ̀kùn onílẹ̀kùn láàárọ̀ kùtùkùtù. Tẹ́náǹtì ló sì máa ń gbọ́n. Èmi ní tẹ́náǹtì kan tó jẹ mí lówó ilé ọdún kan gbáko, ó lọ ra TV pẹrẹsẹ kan tó gba ògiri tán, orí TV yẹn náà ló ti ń wo ibi tí wọ́n ti ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́, á máa rẹ́rìn-ín, mò ń gbọ́ ọ látìsàlẹ̀. Ṣé ó dáa bẹ́ẹ̀? (Bàbá Onílé, Surulere)

Èsì: Bàbá, ẹ pẹ̀lẹ́ o. Ẹ má bínú pé mo rẹ́rìn-ín kí n tó kẹ́dùn, ibi TV yẹn ló fà á.

Ìdí tí wọ́n fi ń fi yín ṣẹ̀fẹ̀ ò ju pé ọwọ́ yín ni kọ́kọ́rọ́ wà lọ. Àwàdà tó ń bá àwùjọ wí, ẹni tágbára wà lọ́wọ́ ẹ̀ ló máa ń kọ́kọ́ wò, láàárín ìgboro Èkó sì rèé, ta lagbára ẹ̀ sún mọ́ mẹ̀kúnnù tó lánlọ́ọ̀dù? Ààrẹ jìnnà. Gómìnà, inú mọ́tò tó ń fọn fèrè ló wà nígbà tó ń kọjá. Lánlọ́ọ̀dù ló mọ ìgbà téèyàn wọlé, ó mọ ẹni tó bá a wọlé, ó mọ ọjọ́ tí wọ́n dín ẹran. Ẹ wò ó, odidi ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó jókòó lọ́dún 2011, wọ́n ṣòfin pé onílé ò gbọdọ̀ gbà ju owó ọdún kan lọ lọ́wọ́ tẹ́náǹtì tuntun, wọ́n wá yọ Ìkòyí, Victoria Island, Àpápá àti GRA Ìkẹjà kúrò nínú ẹ̀. Ó dáa, kí ẹ lọ wá yàrá lọ́la, kí ẹ gbọ́ ohun tí ẹ́jẹ́ńtì máa pè, ọdún méjì, owó àgíríméǹtì lọ́tọ̀, kọmíṣọ̀n lọ́tọ̀, tí wọ́n bá ti rí i pé aṣọ yín mọ́, nǹkan míì á tún yọjú. Àárín ohun tófin wí àtohun tẹ́nu ẹ́jẹ́ńtì wí yẹn gan-an làwọn tó ń kọ àwàdà ti ń rí ọ̀rọ̀ kó.

Ṣùgbọ́n mo fún yín lẹ́tọ̀ọ́ níbì kan. Eré tó jẹ́ pé lánlọ́ọ̀dù nìkan ló burú níbẹ̀, tí tẹ́náǹtì wá jẹ́ áńgẹ́lì, eré ọ̀lẹ ni. Ẹ rántí Basi and Company, èyí tí Ken Saro-Wiwa kọ, tí NTA ń gbé jáde láti 1986 títí dé 1990. Obìnrin ló nílé tí Basi ń gbé ní Adetola Street l'Ékòó, Màdáámù ni wọ́n ń pè é, ó lẹ́nu, ó ṣakọ, ọ̀rọ̀ owó ni ṣáá. Wọ́n fi í ṣẹ̀fẹ̀ dáadáa. Àmọ́ ṣé Basi fúnra ẹ̀ yè é? Gbèsè owó ilé wà lọ́rùn ẹ̀, kì í ṣiṣẹ́, ọ̀sẹ̀ tó bá mọ́ ló máa ń gbé ọgbọ́n tuntun jáde tó máa sọ ọ́ dolówó kílẹ̀ tó ṣú. Onílé àti ayálégbé, ìfẹ́ owó òjijì kan náà ló ń dà wọ́n láàmú, ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé èèyàn á rẹ́rìn-ín onílé tán, á wá rí i pé òun ló kàn. Tẹ́náǹtì yín olówó-TV yẹn, eré odidi kan ni fúnra ẹ̀. Ẹ sọ fún un pé mo kí i, kó sanwó.

Ìbéèrè: Àǹtí mi, ọ̀rọ̀ Basi náà ni tèmi. Bàbá mi fẹ́ràn ẹ̀ débi pé ọ̀rọ̀ tó wà lára ṣẹ́ẹ̀tì Basi, pé ẹni tó bá fẹ́ di mílíọ́níà kó máa ronú bíi mílíọ́níà, wọ́n kọ ọ́ sẹ́yìn mọ́tò wọn nígbà yẹn. Wọ́n ní Basi lẹni tó mọ ibi tó ń lọ. Èmi lérò pé wọ́n ń fi Basi ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Ta ló jàre nínú àwa méjèèjì? (Ọmọ Bàbá, Abẹ́òkúta)

Èsì: Ìwọ lo jàre, ṣùgbọ́n má ṣe sọ fún wọn pé èmi ni mo dá a o.

Bàbá ẹ kọ́ ló bẹ̀rẹ̀ irú ẹ̀. Ní 1971 àwọn ará Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ eré kan tí wọ́n ń pè ní All in the Family, ọ̀dọ̀ BBC tó ti ń ṣe irú ẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù láti 1965 ni wọ́n ti mú un. Ọ̀gá inú eré yẹn, Archie Bunker, baálé ilé kan tó ń jókòó sórí àga ẹ̀ tó ń bú àwọn aláwọ̀ dúdú, ó ń bú Júù, ó ń bú àwọn obìnrin tó fẹ́ dá dúró, kò sẹ́ni tó bọ́ lẹ́nu ẹ̀. Ẹni tó gbé eré yẹn jáde, Norman Lear, ó fẹ́ káwọn èèyàn rí bí ìkórìíra ṣe ń sọ èèyàn di òmùgọ̀ ni. Nígbà tó wá di 1974, àwọn olùwádìí méjì, Vidmar àti Rokeach, tẹ èsì ìwádìí kan jáde lórí àwọn tó ń wò ó l'Ámẹ́ríkà àti Kánádà, wọ́n rí i pé àwọn tí ìkórìíra wà nínú wọn tẹ́lẹ̀, ọ̀dọ̀ Archie ni wọ́n dúró sí, lójú tiwọn òun ló ń borí nínú àríyànjiyàn. Eré kan náà, ẹ̀rín kan náà, ọ̀tọ̀ lohun tí kálukú ń rẹ́rìn-ín sí.

Nítorí náà tí èèyàn bá fẹ́ mọ ẹni tí eré ń bá wí, kò gbọ́dọ̀ wo ẹni tẹ́nu ẹ̀ dùn jù, torí òǹkọ̀wé tó mọṣẹ́ kì í fi ẹnu dídùn du òmùgọ̀ inú eré, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ta ló máa wò ó? Ibi tó parí sí ni kó wò. Ṣé Basi rówó yẹn rí? Ọgbọ́n á ta á nù, owó ilé á ṣì wà lọ́rùn, inú yàrá kan náà ló máa padà sí. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ó tún ti bẹ̀rẹ̀. Àfi tó bá jẹ́ pé bàbá ẹ máa ń sùn lọ kó tó débẹ̀.

Ìbéèrè: Ẹ káàsán Àǹtí. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kíláàsì ní ọ̀dọ̀ òyìnbó la ti kọ́ ká máa fi àwàdà bá àwùjọ wí, pé tẹlifíṣọ̀n ló gbé e dé ọ̀dọ̀ wa, pé àwọn baba wa ò mọ̀ ju ìjàpá lọ. Mi ò mọ èsì tí mo lè fún un. (Akẹ́kọ̀ọ́, Ilé-Ifẹ̀)

Èsì: Ìyẹn lágbára o. Òótọ́ ni pé ẹ̀rọ òyìnbó ni tẹlifíṣọ̀n, WNTV bẹ̀rẹ̀ n'Íbàdàn lọ́jọ́ 31 oṣù Kẹwàá 1959, ọdún díẹ̀ lẹ́yìn ẹ̀ Moses Olaiya ti wà lórí ẹ̀ pẹ̀lú ẹgbẹ́ Aláwàdà, Baba Sala tiwa, pẹ̀lú bótáì gbàràmù àti gíláàsì ojú tó tóbi ju ojú lọ. Ahun ni Baba Sala máa ń ṣe, ahun tó rò pé òun gbọ́n ju gbogbo ayé lọ. Ọkùnrin yìí ò kọ́ ọ lọ́dọ̀ òyìnbó kankan.

Wá gbọ́ èyí, kó o sọ fún ọ̀rẹ́ ẹ. Lóṣù Kejì 1826, òyìnbó ará Scotland kan tó ń jẹ́ Hugh Clapperton wà ní Ọ̀yọ́-Ilé, Aláàfin gbà á lálejò, wọ́n sì pe àwọn eégún alárìnjó kí wọ́n wá ṣeré fún un. Clapperton kọ ohun tó rí sílẹ̀. Wọ́n pidán, wọ́n ṣe erè tó ń jáde látinú àpò, nígbà tó yá nǹkan kan bọ́ awọ lójú agbo, òyìnbó ló yọ! Òyìnbó funfun, ó gbẹ, òtútù ń mú un, ó ń fọwọ́ pọ́wọ́, ó ń fín áṣáà, ó ń gbẹ́sẹ̀ jẹ́jẹ́jẹ́ bíi ẹni tí ò rìn láìwọ bàtà rí. Àwọn ará ìlú ń rẹ́rìn-ín kú lọ. Èyí tó dùn mọ́ mi jù níbẹ̀ ni pé ṣe ni wọ́n ń yíjú sí Clapperton àtàwọn èèyàn ẹ̀, wọ́n ń bi wọ́n bóyá kò jọ ọ́. Àlejò ọba ni o! Iwájú ààfin ni wọ́n ti fi í ṣẹ̀fẹ̀, ó dẹ̀ ní láti gbà pé ó jọ ọ́.

Òyìnbó nìkan kọ́, àwọn alárìnjó máa ń ṣe Gàmbàrí, wọ́n ń ṣe Tápà. Ìhà Kétu àti Yewa náà wà ńbẹ̀, alẹ́ tó ṣáájú ìran Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ni Ọ̀rọ̀ Ẹ̀fẹ̀ máa ń jáde, á kọ́kọ́ júbà àwọn ìyá, lẹ́yìn náà á wá fi orin tú àṣírí àwọn tó hùwà ìbàjẹ́ nínú ìlú, ẹni tó jalè, ẹni tó gba ìyàwó oníyàwó, olóyè tó jẹ owó ìlú, kò sì sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ mú un torí ohun tó kọ lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ọ̀rẹ́ ẹ jókòó síwájú TV, ó rò pé ibẹ̀ ni nǹkan ti bẹ̀rẹ̀.

Ìbéèrè: Àwọn wo ló máa ń rẹ́rìn-ín lẹ́yìn nínú àwọn eré òyìnbó? Ṣé wọ́n ń sanwó fún wọn ni? (Ìyá Ìbejì)

Èsì: Nígbà míì èèyàn gidi ni wọ́n, wọ́n á jókòó ní situdíò, eré I Love Lucy tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní 1951 lójú àwọn òǹwòran ni wọ́n ti ń yà á. Nígbà míì ẹ̀rọ ni. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Charley Douglass, onímọ̀ ẹ̀rọ, ló ṣe àpótí kan láàárín àwọn ọdún 1950 sí 1959, ẹ̀rín oríṣiríṣi wà nínú ẹ̀, á tẹ ibí, obìnrin kan á kẹ́kẹ́, á tẹ ọ̀hún, gbogbo ilé á bú sẹ́rìn-ín. Nínú M*A*S*H, eré àwọn dókítà ológun, wọn kì í fi ẹ̀rín yẹn sí ibi tí wọ́n bá ti ń ṣiṣẹ́ abẹ, mo dẹ̀ rò pé ìyẹn bọ́gbọ́n mu. Tiwa níbí, ohùn “pọ̀ìnnn” ni wọ́n máa ń fi síbẹ̀ tí ẹnì kan bá ti ṣubú. Mi ò fẹ́ràn èyí rárá. Tó bá pani lẹ́rìn-ín, a ó rẹ́rìn-ín, ẹ má fi agogo pè wá.

Ìbéèrè: Àǹtí, ẹ gbà mí. Àwọn ọmọ mi méjèèjì ti wo Jenifa's Diary débi pé èdè òyìnbó Jenifa ni wọ́n ń sọ nílé báyìí. Ọ̀kan sọ ọ́ lójú tíṣà ẹ̀. Mò ń sanwó ilé ìwé tó ga o! Ṣé kí n pa á tì pátápátá? (Ìyá Wọn, Ìkòròdú)

Èsì: Ẹ fara balẹ̀ ìyá, ìran àwọn tó fara wé òyìnbó dídàrú tí Zebrudaya ń sọ nínú eré The New Masquerade ti dàgbà, lọ́yà ti wà nínú wọn.

Ẹ jẹ́ ká wo ohun tí Funke Akindele ń ṣe níbẹ̀. Látinú fíìmù ẹ̀ ti 2008 ló ti mú Suliat jáde, eré orí tẹlifíṣọ̀n yẹn sì bẹ̀rẹ̀ ní 2015. Ọmọbìnrin yìí wá sí Èkó láti ìgbèríko, kò gbọ́ òyìnbó, ó sọ ara ẹ̀ di Jenifa, ó dẹ̀ ń sọ ọ́ láìbẹ̀rù ẹnikẹ́ni. Tó bá jẹ́ pé torí òyìnbó tó ń ṣì sọ yẹn nìkan la fi ń rẹ́rìn-ín ni, a ò ní rẹ́rìn-ín kọjá apá kejì. Ẹ wo àwọn tó yí i ká, àwọn tóyìnbó wọn dáa, tí wọ́n fọ ẹnu, èwo nínú wọn ni kì í parọ́ irú èèyàn tóun jẹ́? L'Ékòó, òyìnbó ni géètì, ẹni tí ò bá ní i, wọn ò ní jẹ́ kó wọlé, Suliat wá fi òyìnbó fífọ́ gba géètì yẹn kọjá, ìyẹn lẹ̀rín ibẹ̀. Àwọn tó yẹ kí wọ́n máa wo eré yẹn kí ara máa ta wọ́n ni àwa tá à ń sọ̀rọ̀ nímú.

Ohun tí màá ní kẹ́ ẹ ṣe ò nira. Ẹ bá wọn jókòó wò ó lẹ́ẹ̀kan, kẹ́ ẹ bi wọ́n pé nínú gbogbo àwọn tó wà nínú yàrá yẹn, ta ló ń díbọ́n? Ọmọdé ń tètè rí i ju àgbà lọ. Ní ti tíṣà yẹn, tó bá rẹ́rìn-ín, ọ̀rọ̀ ti parí.

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, mo fẹ́ kọ eré àwàdà nípa ìgbé ayé ìgboro, ìṣẹ́jú márùndínlọ́gbọ̀n. Mo ti kọ ojú ìwé mẹ́ta, àwàdà pọ̀ níbẹ̀ gan-an ṣùgbọ́n nǹkan kan ò lọ. Àwọn èèyàn inú ẹ̀ kàn ń pa àwàdà fún ara wọn ni. (Òǹkọ̀wé Ọ̀la, Àgége)

Èsì: O ti dá ara ẹ lóhùn, àwọn èèyàn inú ẹ̀ mọ̀ pé àwàdà làwọn ń ṣe. Nínú eré tó dáa kò sẹ́ni tó mọ̀, kálukú ń jà fún nǹkan tó ṣe pàtàkì sí i ni, ìwọ tó ò ń wò ó lo máa rẹ́rìn-ín.

Jẹ́ ká fi ilé ẹlẹ́bìí púpọ̀ kan ṣe é, face-me-I-face-you, ẹ̀rọ tó ń fa omi ti bàjẹ́. Akọ̀wé kọ́mpáúndù gba owó lọ́wọ́ gbogbo yàrá kó fi tún un ṣe. Akọ̀wé yìí kì í ṣolè, ohun tó fẹ́ láyé ò ju kí wọ́n máa pè é ní “Ṣẹ́mánì” lọ. Ó wá ku ọjọ́ méjì sí ìnáwó kan, ó ná owó omi sórí aṣọ ẹbí. Wọ́n bi í, “Akọ̀wé, ẹ̀rọ dà?” Ó ní, “Wọ́n ti tún un ṣe, omi á wà nínú táǹkì lọ́la.” Wò ó, nǹkan kan ṣoṣo ló fẹ́, irọ́ kan ṣoṣo ló pa. Má fi irọ́ kejì kún un, jẹ́ kí èyí tó wà ńlẹ̀ yìí fúnra ẹ̀ bímọ.

Báwo lomi ṣe máa wà nínú táǹkì? Ní aago méjì òru ó bọ́ sálúbàtà ẹ̀ kó má baà dún, ó gbé kẹ́ẹ̀gì méjì lọ sí ẹ̀yìn ilé kejì, ó ń pọn omi, ó ń gun àkàbà, ó ń dà á sínú táǹkì, aṣọ ẹbí tuntun yẹn ló wọ̀ sọ́rùn torí èyí tó kù ti tutù. Ọmọ yàrá kẹta tó ń kàwé fún WAEC yọjú lójú fèrèsé. Akọ̀wé dúró sórí àkàbà pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì lórí, ó ní, “Mò ń yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ó ń jò ni.” Ọmọ yẹn wò ó, ó wo kẹ́ẹ̀gì, ó ní, “Ẹ kú iṣẹ́ sà,” ó padà sídìí ìwé ẹ̀. Má jẹ́ kọ́mọ yẹn sọ àwàdà kankan o! Èsì kúkúrú yẹn ló máa pa wọ́n.

Ilẹ̀ mọ́, omi ń dà nínú ẹ̀rọ. Ìdùnnú ṣubú layọ̀. Ohun tó sì máa ń ṣẹlẹ̀ níbi tómi bá wà ni pé wọ́n á lò ó, ẹni tí ò fọ aṣọ láti oṣù tó kọjá kó ti ẹ̀ jáde, ẹnì kan ń fọ mọ́tò, kó tó di ọ̀sán táǹkì ti gbẹ. Alẹ́ tún lé. Ọ̀sẹ̀ kan gbáko, akọ̀wé ò sùn, ẹ̀yìn ń ro ó, ó ti ṣe iṣẹ́ tó ju iye owó tó ná lọ, kò dẹ̀ lè sọ fẹ́nikẹ́ni. Lọ́jọ́ Sátidé wọ́n ṣe mítìn-ìn, ó rò pé wọ́n fẹ́ tú àṣírí òun, ó ti múra láti jẹ́wọ́, ṣe ni wọ́n dìde, wọ́n ní láti ìgbà táwọn ti ń gbé ilé yìí kò tí ì sẹ́ni tó bójú tó omi báyìí rí, wọ́n fi í ṣe ṣẹ́mánì, wọ́n wá gbé owó tó pọ̀ jù ti àkọ́kọ́ lé e lọ́wọ́, kó bá wọn tún jẹnẹrétọ̀ ṣe.

Ibẹ̀ lo máa dúró. O ò rí i pé a ò dárúkọ ìjọba kankan? Síbẹ̀ gbogbo ẹni tó bá wò ó ló máa mọ irú àwọn tá à ń bá wí, wọ́n á sì tún rí ara wọn lára àwọn tó ń fọ mọ́tò. Ohun tó o ní láti mọ̀ dájú kó o tó kọ ọ́ ni àwọn nǹkan kéékèèké, iye tí wọ́n ń ta kẹ́ẹ̀gì omi kan, ẹni tí kọ́kọ́rọ́ ilé ẹ̀rọ máa ń wà lọ́wọ́ ẹ̀, ìgbà tí iná máa ń dé. Tó o bá ṣi ìyẹn kọ, àwọn ará ilé bẹ́ẹ̀ ò ní bá ẹ rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní òkè Lekki lo ti kọ ọ́.

Ìbéèrè: Kí ló dé tí àwàdà wa kì í dárúkọ àwọn olóṣèlú? Lánlọ́ọ̀dù àti ìyàwó ilé ni wọ́n mọ̀ ọ́n bú. Ṣé ojo ni wọ́n ni? (Ẹni Tínú Ń Bí, Òṣogbo)

Èsì: Ọ̀rọ̀ yín kan Bàbá Onílé tòkè yẹn o, inú ẹ̀ á dùn.

Kì í ṣe ojo. Ẹ wo ọdún tí wọ́n ṣe àwọn eré yẹn àtẹni tó ni ẹ̀rọ. Láti 1977 tíjọba àpapọ̀ ti dá NTA sílẹ̀, ọwọ́ ìjọba ni tẹlifíṣọ̀n wà káàkiri, ológun sì gbàjọba lópin 1983, ọdún 1999 ni wọ́n tó lọ. Ní 1984 wọ́n ní òfin kan, Decree 4, òun ni wọ́n fi rán oníròyìn méjì, Tunde Thompson àti Nduka Irabor, lọ sẹ́wọ̀n. Nínú irú ayé bẹ́ẹ̀, ta ló fẹ́ dárúkọ ọ̀gágun lórí tẹlifíṣọ̀n ọ̀gágun? Wọ́n wá kó gbogbo orílẹ̀-èdè sínú yàrá kan ní Adetola Street. Ìwà wọ̀bìà tó wà lókè ni wọ́n wọ̀ fún aláìríṣẹ́ kan, wọ́n jẹ́ kó máa sáré kiri. Ọgbọ́n ni.

Ní 1992 wọ́n dá NBC sílẹ̀, àjọ ìjọba tó ń bójú tó rédíò àti tẹlifíṣọ̀n, àwọn aládàáni náà rí àyè dá tẹlifíṣọ̀n ti wọn sílẹ̀, nǹkan yí padà díẹ̀. Ní 2017 Okey Bakassi bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìròyìn ṣe àwàdà nínú The Other News lórí Channels, gbangba ni wọ́n ti ń dárúkọ àwọn olóṣèlú níbẹ̀. Àmọ́ ní 2020 NBC gbé owó ìtanràn lórí ọ̀rọ̀ ìkórìíra láti ẹgbẹ̀rún lọ́nà 500 náírà sí mílíọ̀nù 5. Ọ̀gá ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó bá ka ìyẹn tán, á wo sìkírípítì yín lẹ́ẹ̀mejì. Èmi fúnra mi, kí n sòótọ́, akọ̀wé kọ́mpáúndù yẹn tẹ́ mi lọ́rùn ju ẹni tó wọ fìlà gómìnà kan tó ń sín ohùn ẹ̀ jẹ. Lọ́jọ́ tí gómìnà bá kúrò lóyè, àwàdà onífìlà ti kú. Akọ̀wé ò ní kú.

Ìbéèrè: Ṣé skit orí fóònù ò ti pa àwàdà tẹlifíṣọ̀n báyìí? Ta ló tún ń dúró de ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀? (Ọmọ Ìsọ̀ Fóònù, Ìbàdàn)

Èsì: Ó ti gba òǹwòran lọ́wọ́ ẹ̀, ìyẹn ò ṣe é jiyàn. Ẹni tó wà nínú gó-sílóò l'Ọ́ṣódì, ìṣẹ́jú kan lààyè tó ní, dátà náà ò pọ̀. Ohun tó ń dùn mí ni pé inú ìṣẹ́jú kan, ìfọ́tí kan ló sáàbà máa ń gba ibẹ̀, ìyá á fọ́ ọmọ létí, ọkùnrin á wé gèlè, ó tán. Nínú Fuji House of Commotion tí Amaka Igwe ṣe, Chief Fuji tí Kunle Bamtefa ń ṣe, ọ̀sẹ̀ sí ọ̀sẹ̀ la fi mọ̀ ọ́n, a mọ èwo nínú àwọn ìyàwó ẹ̀ ló ń bínú, a mọ ohun tó máa sọ kó tó lanu, ìyẹn ló fi jẹ́ pé tó bá kàn wọlé, ẹ̀rín ti dé. Ìyẹn ń gba àkókò.

Síbẹ̀ mi ò ní sọ pé kò sí èyí tó dáa. Mr Macaroni, ohun tó ń ṣe jọ ti tẹlifíṣọ̀n, ẹnì kan náà ló ń padà wá, bàbá olówó oníṣekúṣe tó ń pe ara ẹ̀ ní bàbá gbogbo wa, tí ìyàwó ẹ̀ máa ń ká mọ́, àìmọye bàbá ló sì wà n'Ígbó Ẹlẹ́rìn àti n'Íkòyí tó mọ̀ pé òun ni wọ́n ń bá wí. Ẹni tó ń ṣe àwàdà yẹn náà wà lára àwọn tí ọlọ́pàá kó ní tógéètì Lekki lóṣù Kejì 2021 níbi ìwọ́de, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má sọ fún mi pé àwọn ọmọ fóònù ò mọ̀ ju eré lọ.

Tó o bá mọ òmíì tó ń ṣe irú ẹ̀, tí ẹnì kan náà ń padà wá lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ pẹ̀lú ìwà kan náà, fi orúkọ ẹ̀ ránṣẹ́ sí wa, màá wò ó. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń da omi sí àgbàlagbà lára lójú pópó tí wọ́n wá ń pariwo pé káàmẹ́rà ló wà ńbẹ̀ un, jọ̀ọ́, má fi tiwọn ránṣẹ́ sí mi o.